Tọ́báìnì afẹ́fẹ́ ta ni kẹ́ ẹ rà fún iṣẹ́ iná ńlá? Àlàyé fún ẹni tí kì í ṣe ẹnjiníà

Tẹ́nì kan bá ti gbọ́ pé wọ́n fẹ́ kọ́ ibùdó tọ́báìnì ńlá, ìyẹn àwọn ẹ̀rọ tí afẹ́fẹ́ ń yí láti mú iná mànàmáná wá, ohun tó máa kọ́kọ́ jáde lẹ́nu ẹ̀ ni "kọ́ḿpìnnì wo ló ń ṣe èyí tó dáa jù?" Mi ò rò pé ẹnikẹ́ni lè dáhùn ìbéèrè yẹn bó ṣe wà, torí ẹni tó bi í ò tíì sọ ibi tí wọ́n fẹ́ gbé e sí, kò sọ irú afẹ́fẹ́ tó ń fẹ́ níbẹ̀, kò sì sọ ẹni tó máa tún un ṣe lọ́jọ́ tó bá dákẹ́. Vestas ti Denmark wà, Siemens Gamesa tó jẹ́ ti Siemens Energy wà, Nordex àti Enercon ti Jámánì wà, GE Vernova ti Amẹ́ríkà wà, Suzlon ti Íńdíà wà, Goldwind, Envision àti Mingyang ti Ṣáínà náà wà. Gbogbo wọn pátá ló ní tọ́báìnì tó ń ṣiṣẹ́ dáadáa níbì kan, kò sì sí èyí tí tiẹ̀ máa dáa níbi gbogbo.

Tó bá wá jẹ́ pé iṣẹ́ bíi 100 MW (mẹ́gáwáàtì, ìwọ̀n agbára iná tí ẹ̀rọ lè mú wá) lẹ fẹ́ ṣe, ìwé tí wọ́n máa kó wá bá yín máa pọ̀ débi tí ojú máa fi ṣú yín, nọ́ńbà lórí nọ́ńbà, àwòrán lórí àwòrán. Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ mú dání bẹ́ ẹ ṣe ń kà á lọ ni pé iye MW tí wọ́n kọ sára ẹ̀rọ àti owó tí wọ́n ní kẹ́ ẹ san lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ló yẹ kẹ́ ẹ wò kẹ́yìn. Ẹ kọ́kọ́ wo ibi tẹ́ ẹ máa gbé e sí, lẹ́yìn ìyẹn kẹ́ ẹ wá wo ẹni tẹ́ ẹ fẹ́ bá da nǹkan pọ̀, torí ẹ̀yin àti kọ́ḿpìnnì yẹn lẹ jọ máa wà fún 20 sí 25 ọdún, nígbà míì ó máa jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ látorí afẹ́fẹ́. Tí eré afẹ́fẹ́ bá fi díẹ̀ pọ̀ sí i, agbára inú ẹ̀ máa pọ̀ sí i gan-an ni. Bí wọ́n ṣe ń ṣírò ẹ̀ nìyí: ẹ mú iye eré yẹn, ẹ fi í lọ́po ara ẹ̀, kẹ́ ẹ tún fi í lọ́po lẹ́ẹ̀kan sí i. Afẹ́fẹ́ tó ń sáré mítà 6 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, 6 lọ́nà 6 lọ́nà 6, 216 nìyẹn. Èyí tó ń sáré mítà 8, 8 lọ́nà 8 lọ́nà 8, 512. Eré tí ìkejì fi ju ìkíní lọ ò ju ìdá kan nínú mẹ́ta, àmọ́ agbára tó gbé dání lé ní ìlọ́po méjì. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ẹni tó bá ṣi afẹ́fẹ́ wọ̀n díẹ̀ máa ṣi owó tó máa wọlé wọ̀n púpọ̀. Ẹ ri òpó tí wọ́n so ẹ̀rọ ìwọn-afẹ́fẹ́ mọ́ sórí ilẹ̀ yẹn fún ó kéré tán ọdún kan gbáko, kó lè rí ìgbà tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ àti ìgbà tí kì í fẹ́, ẹ wá fi ohun tó kọ sílẹ̀ wé àkọsílẹ̀ ojú ọjọ́ ọ̀pọ̀ ọdún ládùúgbò yẹn, torí ọdún kan lè lafẹ́fẹ́ ju òmíì lọ. Báǹkì tó fẹ́ yá yín lówó máa béèrè àkọsílẹ̀ yìí kó tó béèrè orúkọ kọ́ḿpìnnì kankan. Wọ́n á bi yín ní iye iná tẹ́ ẹ lè rí lọ́dún tí afẹ́fẹ́ bá ṣe dáadáa níwọ̀nba, wọ́n á sì tún bi yín ní iye tẹ́ ẹ máa rí, ó kéré tán, ní ọdún 9 nínú 10. Ìkejì yẹn ni wọ́n ń pè ní P90, òun ni wọ́n sábà máa ń wò tí wọ́n bá fẹ́ mọ̀ bóyá ẹ máa lè san gbèsè yín.

Tẹ́ ẹ bá ti mọ afẹ́fẹ́ yín, ẹ máa wá pàdé ọ̀rọ̀ kíláàsì, ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ti máa ń dà rú mọ́ èèyàn lójú. Àjọ IEC ló ń ṣe ìlànà fún ohun èlò iná mànàmáná káàkiri ayé, wọ́n sì ní ìlànà kan tó ń jẹ́ IEC 61400-1 tó pín tọ́báìnì sí kíláàsì I, II àti III. Kíláàsì I wà fún ibi tí ìpíndọ́gba afẹ́fẹ́ lọ́dún tó mítà 10 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, II wà fún 8.5, III wà fún 7.5. Wọ́n tún wo ìjì tó lágbára jù tó ṣeé ṣe kó jà lẹ́ẹ̀kan láàárín 50 ọdún: kíláàsì I gbọ́dọ̀ lè fara da mítà 50, II 42.5, III 37.5. Lẹ́tà tó máa ń tẹ̀ lé nọ́ńbà yẹn, A, B tàbí C, ń sọ bí afẹ́fẹ́ náà ṣe ń ru gùdù tó, bóyá ó ń fẹ́ wẹ́rẹ́ ni o àbí ó ń já síhìn-ín já sọ́hùn-ún, A ló le jù nínú wọn. Tí ilẹ̀ yín ò bá bá ìkankan nínú wọn mu, kíláàsì S wà, kọ́ḿpìnnì fúnra ẹ̀ ló máa kọ ohun tí ẹ̀rọ ẹ̀ lè fara dà síbẹ̀, ẹ sì gbọ́dọ̀ ka ohun tó kọ yẹn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ má kàn wo lẹ́tà S kẹ́ ẹ kọjá lọ.

Ẹ wo bó ṣe rí lójú ayé. Vestas ní ẹ̀rọ kan tó ń jẹ́ V117-4.2 MW, ó tún ní V150-4.2 MW. Ìran kan náà ni wọ́n, iye iná tí jẹnẹrétọ̀ àwọn méjèèjì lè ṣe dọ́gba, 4.2 MW. Nọ́ńbà tó tẹ̀ lé V yẹn ni ìwọ̀n òbìrí tí apá ẹ̀rọ ń yí, láti ṣóńṣó òkè dé ṣóńṣó ìsàlẹ̀, 117 mítà fún ọ̀kan, 150 mítà fún ìkejì. Tẹ́ ẹ bá ṣírò ààyè tí apá wọn ń gbá, ti àkọ́kọ́ jẹ́ bíi 10,750 mítà onígun mẹ́rin, ti ìkejì jẹ́ bíi 17,670. Níbi tí afẹ́fẹ́ ti rọra ń fẹ́, V150 máa kó afẹ́fẹ́ tó pọ̀ gan-an ju èkejì lọ, iná tó máa mú wá lọ́dún á sì pọ̀ sí i bó tilẹ̀ jẹ́ pé MW kan náà ni wọ́n kọ sára wọn. Tẹ́ ẹ bá wá gbé V150 yẹn lọ síbi tí ẹ̀fúùfù líle ti ń jà, apá gígùn yẹn máa di wàhálà sí i lára, àwọn irin ẹ̀ máa rẹ̀ kíá, wáráńtì gan-an lè má gbà yín torí ẹ gbé e síbi tí kì í ṣe tiẹ̀. Níbẹ̀, V117 ló ni iṣẹ́ náà. Télọ̀ kì í gé aṣọ kó tó wọn ẹni tó fẹ́ wọ̀ ọ́, bí kíláàsì náà ṣe rí nìyẹn. Nítorí náà tẹ́nì kan bá ní "ẹ̀rọ wa, 4.2 MW ni" tí kò sọ bí apá ẹ̀ ṣe gùn tó, kò tíì sọ nǹkan kan fún yín.

Ohun míì wà tó máa jẹ́ kẹ́ ẹ lè fọkàn balẹ̀ níwájú àwọn tó ń polówó. Onímọ̀ ará Jámánì kan tó ń jẹ́ Albert Betz ṣírò ẹ̀ láti nǹkan bí 1919 pé kò sí tọ́báìnì tó lè gba ju 59.3% agbára tó wà nínú afẹ́fẹ́ tó ń gbà á kọjá, torí afẹ́fẹ́ yẹn náà gbọ́dọ̀ ríbi jáde lọ lẹ́yìn ẹ̀. Àwọn ẹ̀rọ ńlá òde òní ti sún mọ́ ibẹ̀ débi tí ìyàtọ̀ tó wà láàárín kọ́ḿpìnnì sí kọ́ḿpìnnì lórí ìyẹn ò fi bẹ́ẹ̀ tó nǹkan mọ́. Tẹ́nì kan bá wá ní ìmọ̀ tàwọn mú kí ẹ̀rọ àwọn máa fa afẹ́fẹ́ ní ìlọ́po méjì tàwọn tó kù, ẹ rọra béèrè gígùn apá ẹ̀ àti gíga òpó ẹ̀, ibẹ̀ ni ìyàtọ̀ gidi máa ń wà. Kẹ́ ẹ sì ní kó kọ iye iná tí ẹ̀rọ ẹ̀ máa ṣe ní oríṣiríṣi eré afẹ́fẹ́ sínú àdéhùn, kó gbà kí ẹlòmíì wá wọ̀n ọ́n lórí ilẹ̀ yín, kẹ́ ẹ sì kọ ohun tó máa san tí kò bá pé. Àwòrán inú ìwé ìpolówó kì í ṣe ẹ̀jẹ́.

Ọ̀rọ̀ gíábọ́ọ̀sì, ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi dá ìjà sílẹ̀ láàárín yín. Àwọn kan ń lo gíábọ́ọ̀sì láti sọ yíyí jẹ́jẹ́ apá ẹ̀rọ di yíyí kíákíá fún jẹnẹrétọ̀, àwọn kan ò lò ó rárá, Enercon ti wà nídìí ìyẹn ó pẹ́. Èyí tó ní gíábọ́ọ̀sì fúyẹ́ díẹ̀ lórí òpó, àmọ́ gíábọ́ọ̀sì lè bàjẹ́, kíréènì ńlá ló sì máa gbé e sọ̀ kalẹ̀. Èyí tí kò ní in tóbi, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ń lo òòfà tí wọ́n fi àwọn irin bíi neodymium ṣe, ọwọ́ Ṣáínà sì ni èyí tó pọ̀ jù nínú irú òòfà bẹ́ẹ̀ wà, tí ọ̀rọ̀ òwò láàárín ìlú sí ìlú bá dà rú ó lè kàn yín. Méjèèjì ń ṣiṣẹ́. Mi ò ní fi ìyẹn nìkan yan ẹnikẹ́ni.

Ibi tó máa ń ká mi lára jù nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí ni bí àwọn èèyàn ṣe ń sáré tẹ̀ lé ẹ̀rọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde torí pé ó tóbi ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Mo mọ ìdí tí wọ́n fi ń ṣe é. Tí ẹ̀rọ bá tóbi, iye tẹ́ ẹ máa rà máa dín kù, ìpìlẹ̀ tẹ́ ẹ máa mọ máa dín kù, wáyà máa dín kù. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká wo ohun tó ti ṣẹlẹ̀. Lọ́dún 2002 wọ́n ri 80 tọ́báìnì V80 ti Vestas sínú òkun ní Denmark, níbi tí wọ́n ń pè ní Horns Rev, 2 MW ni ìkọ̀ọ̀kan, iṣẹ́ tó tóbi jù lórí òkun láyé nígbà yẹn. Kò pẹ́ tí tiransifọ́mà àti jẹnẹrétọ̀ inú wọn fi bẹ̀rẹ̀ sí í bàjẹ́ nínú afẹ́fẹ́ oníyọ̀ yẹn, nígbà tó fi máa di 2004, orí gbogbo 80 pátá, ìyẹn àpótí ńlá tó wà lókè òpó tí jẹnẹrétọ̀ wà nínú ẹ̀, ni wọ́n ní láti tú sọ̀ kalẹ̀, wọ́n fi ọkọ̀ ojú omi gbé wọn wá sí èbúté, wọ́n tún wọn ṣe, wọ́n tún gbé wọn padà. Ẹ fojú inú wo iye kíréènì orí omi tí ìyẹn máa ná wọn.

Irú ẹ̀ tún ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà. Ní June 2023, Siemens Energy kéde pé àwọn rí àbùkù nínú tọ́báìnì Siemens Gamesa tí wọ́n ń lò lórí ilẹ̀, iye owó ìpín ìdókòwò kọ́ḿpìnnì náà sì já wálẹ̀ ju ìdá kan nínú mẹ́ta lọ lọ́jọ́ kan ṣoṣo. Àwọn ìran ẹ̀rọ tí wọ́n ń pè ní 4.X àti 5.X lọ̀rọ̀ kàn, apá ẹ̀rọ àti bẹ́árìn ńlá wà lára ohun tó níṣòro, wọ́n sì dá títa wọn dúró fúngbà díẹ̀. Nígbà tí ọdún yẹn fi máa parí, ìjọba Jámánì ní láti dúró fún Siemens Energy pẹ̀lú owó tó tó bílíọ̀nù 7.5 yúrò kí báǹkì tó lè máa bá wọn ṣe lọ. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, July 2024, apá ọ̀kan nínú àwọn tọ́báìnì Haliade-X ti GE Vernova ṣẹ́ sínú òkun ní Vineyard Wind, ní Massachusetts lọ́hùn-ún. Apá ọ̀hún gùn tó mítà 107, èérún ẹ̀ fọ́n ká sí etíkun Nantucket débi tí wọ́n fi ní láti ti àwọn etíkun kan pa. Kọ́ḿpìnnì náà sọ pé gọ́ọ̀mù tí wọ́n fi lẹ̀ ẹ́ ní fáktìrì ni kò mú dáadáa, pé ó sì yẹ kí àwọn tó ń yẹ iṣẹ́ wò ti rí i.

Mi ò sọ ìwọ̀nyí kẹ́ ẹ lè sá fún kọ́ḿpìnnì mẹ́ta yìí o, lára àwọn tó tóbi jù tó sì mọṣẹ́ jù láyé ni wọ́n. Ohun tí mo ń sọ ni pé orúkọ ńlá ò ní kí àbùkù má wọnú ẹ̀rọ tuntun. Torí náà ẹ béèrè lọ́wọ́ gbogbo wọn: irú ẹ̀rọ yìí gan-an, kì í ṣe àbúrò ẹ̀, kì í ṣe ẹ̀gbọ́n ẹ̀, mélòó nínú ẹ̀ ló ti ń yí báyìí, láti ìgbà wo, níbo? Ẹ béèrè sátífíkéètì tí àwọn àjọ tó ń yẹ ẹ̀rọ wò tó dá dúró, bíi DNV tàbí TÜV, fún un, kẹ́ ẹ sì wò ó dáadáa bóyá ẹ̀rọ tí wọ́n fẹ́ tà fún yín náà ló wà nínú sátífíkéètì yẹn, torí wọ́n lè ti pààrọ̀ apá ẹ̀ tàbí kí wọ́n fi kún MW ẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n gbà á. Kẹ́ ẹ sì rí i pé ọ̀rọ̀ àbùkù ìran wà nínú àdéhùn, ìyẹn ni pé tí páàtì kan náà bá bàjẹ́ nínú iye tọ́báìnì kan tẹ́ ẹ jọ fẹnu kò sí, kọ́ḿpìnnì gbọ́dọ̀ gbà pé àbùkù tó wà lára gbogbo wọn ni, kó sì pààrọ̀ ẹ̀ nínú gbogbo wọn, ì báà jẹ́ pé èyí tó kù ò tíì bàjẹ́. Láìsí ìyẹn, ẹ máa kàn máa jà lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan títí tí wáráńtì fi máa parí.

Ẹ̀gbẹ́ kejì náà wà sá. Ẹ̀rọ tó ti pẹ́ jù lè jẹ́ èyí tí kọ́ḿpìnnì ti fẹ́ ṣíwọ́ ṣíṣe, páàtì ẹ̀ á sì ṣọ̀wọ́n lọ́dún mẹ́wàá sígbà tá a wà yìí. Lójú tèmi, èyí tó ti ń ṣiṣẹ́ níbi púpọ̀ fún ọdún díẹ̀, tí wọ́n sì ṣì ń ṣe é lọ ní fáktìrì, òun ló dáa láti lọ bá.

Àpò kọ́ḿpìnnì fúnra ẹ̀ tún wà ńlẹ̀ láti yẹ̀ wò. Senvion, tó wà lára àwọn tó ń ṣe tọ́báìnì ní Jámánì, sọ fún ilé ẹjọ́ ní April 2019 pé òun ò lè san gbèsè òun mọ́. Ọ̀pọ̀ tọ́báìnì ẹ̀ ló ń yí lọ́wọ́ níbi púpọ̀ láyé nígbà yẹn. Siemens Gamesa wá ra apá kan nínú iṣẹ́ ẹ̀ ní Yúróòpù, títí kan iṣẹ́ àtúnṣe tọ́báìnì, àmọ́ tẹ́ ẹ bá jẹ́ ẹni tó ní ẹ̀rọ lọ́wọ́ tí kọ́ḿpìnnì tó kọ wáráńtì fún yín ò sí mọ́, ta lẹ máa lọ bá? Ẹ ka ìwé owó wọn tí wọ́n ń gbé jáde lọ́dọọdún, ẹ wo bóyá wọ́n ń jèrè lórí ẹ̀rọ tí wọ́n ń tà àbí wọ́n ń tà á ní àdánù kí wọ́n lè gba ọjà. Ẹni tó bá ta ẹ̀rọ fún yín ní owó tí kò kájú ohun tó ná an, ó máa wá ọ̀nà gba owó yẹn padà níbòmíì, orí àtúnṣe ló sábà máa ń jẹ́.

Ìyẹn ló gbé wa dé orí àdéhùn àtúnṣe, mo fẹ́ kẹ́ ẹ farabalẹ̀ níbí torí ibẹ̀ ni wọ́n ti ń jèrè tàbí pàdánù láìmọ̀. Wọ́n á fọwọ́ sọ̀yà fún yín pé ẹ̀rọ àwọn máa wà ní ipò iṣẹ́ fún 97% àkókò. Ó dùn-ún gbọ́ létí. Ẹ jẹ́ ká tú u wò. Ọdún kan jẹ́ wákàtí 8,760, 3% tó ṣẹ́ kù nínú ẹ̀ jẹ́ bíi wákàtí 263, ìyẹn nǹkan bí ọjọ́ 11 tí tọ́báìnì kọ̀ọ̀kan lè fi dúró gbagidi tí kọ́ḿpìnnì ò sì ní jẹ yín ní nǹkan kan. Tó bá jẹ́ ìgbà tí afẹ́fẹ́ ò fẹ́ rárá ni wọ́n tú ẹ̀rọ yín tún ṣe, kò sóhun tẹ́ ẹ pàdánù. Tó bá wá jẹ́ ọjọ́ 11 tí ẹ̀fúùfù fẹ́ jù láàárín ọdún ni wọ́n lọ tú u ńkọ́? Lórí ìwé wọn, 97% ṣì pé, kò sí ẹ̀ṣẹ̀ lọ́rùn wọn, ẹ̀yin sì ti pàdánù iná tó pọ̀ jù lọ́dún yẹn. Torí náà ẹ ní kí wọ́n fi iye iná kà á, kí wọ́n má fi wákàtí kà á, kí wọ́n ṣírò iye iná tó yẹ kí afẹ́fẹ́ ọjọ́ yẹn mú wá, kí wọ́n wo iye tí ẹ̀rọ mú wá lóòótọ́. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ mọ bó ṣe tó, ibùdó 100 MW tó ń ṣe ìdá 35 nínú ọgọ́rùn-ún ohun tó lè ṣe máa mú bíi 306,600 MWh wá lọ́dún (MWh kan ni iná tí 1 MW máa ṣe láàárín wákàtí kan), 1% ìyẹn jẹ́ MWh tó lé ní 3,000, ẹ fi iye tẹ́ ẹ ń ta MWh kan lọ́po ẹ̀, kẹ́ ẹ tún fi ogún ọdún lọ́po ẹ̀, ẹ máa rí i pé 1% yẹn lè ju ẹ̀dínwó tí wọ́n fẹ́ fi fa ojú yín mọ́ra lọ.

Ẹ tún ka ohun tí wọ́n ní àwọn ò ní kà mọ́ ọn. Wákàtí tí wọ́n fi ń ṣe sáfíìsì, wákàtí tí wọ́n fi ń dúró de kíréènì, ìgbà tí afẹ́fẹ́ le jù tí òṣìṣẹ́ ò lè gun òkè, ìgbà tí gíríìdì, ìyẹn àpapọ̀ wáyà tó ń gbé iná káàkiri ìlú, ò gba iná. Ẹni tó ṣèlérí 98% tó yọ gbogbo ìwọ̀nyí kúrò lè má tó ẹni tó ṣèlérí 96% tí kò yọ nǹkan kan. Kẹ́ ẹ wá wo òpin ohun tí wọ́n lè san tí wọ́n bá kùnà, torí ó sábà máa ń ní gbèdéke, ó lè má ju owó sáfíìsì ọdún kan lọ, bẹ́ẹ̀ àdánù tiyín lè jù bẹ́ẹ̀ lọ fíìfíì. Ìbéèrè tó tóbi jù ni pé tí gíábọ́ọ̀sì, jẹnẹrétọ̀ tàbí apá bá bàjẹ́ lọ́dún kejìlá, ta ló ń san owó páàtì, ta ló ń san owó kíréènì? Tí ìdáhùn yẹn ò bá sí nínú ìwé, ẹ̀yin lẹ máa san án.

Ọ̀rọ̀ gíríìdì náà ò ṣeé fojú fò. Ní September 28, 2016, ìjì líle wó òpó wáyà iná ní South Australia, ìpínlẹ̀ kan ní Ọsirélíà, fóltéèjì wá ń já wálẹ̀ tó ń gòkè lemọ́lemọ́. Nínú sọ́fítíwíà ọ̀pọ̀ lára àwọn tọ́báìnì tó wà níbẹ̀, wọ́n ti sẹ́ẹ̀tì ẹ̀ pé tí fóltéèjì bá já ju iye ìgbà kan lọ láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀, kí ẹ̀rọ fà sẹ́yìn. 456 MW ló lọ láàárín ìṣẹ́jú àáyá tí kò tó méje, wáyà tó so wọ́n mọ́ Victoria, ìpínlẹ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, ò lè gbé ẹrù tó kù, gbogbo ìpínlẹ̀ náà ṣókùnkùn, ó kan nǹkan bí 850,000 ilé àti ọ́fíìsì. Àwọn tọ́báìnì yẹn ò bàjẹ́ o, sẹ́ẹ̀tì yẹn ló ṣiṣẹ́ bí wọ́n ṣe sẹ́ẹ̀tì ẹ̀, àwọn tó ń darí gíríìdì ni kò mọ̀ pé ó wà ńbẹ̀. Wọ́n yí i padà lẹ́yìn náà. Kẹ́ ẹ tó yan kọ́ḿpìnnì, ẹ ní kí wọ́n kó gbogbo sẹ́ẹ̀tì tó jẹ mọ́ fóltéèjì kalẹ̀ níwájú àwọn tó ń darí gíríìdì tẹ́ ẹ máa so mọ́, kí àwọn yẹn fọwọ́ sí i. Kọ́ḿpìnnì tó bá ń lọ́ra láti fi í hàn, ohun tó ń fi pa mọ́ lẹ máa sanwó ẹ̀.

Ẹ má gbàgbé ọ̀nà pẹ̀lú. Ní Lake Turkana, ní àríwá Kẹ́ńyà, afẹ́fẹ́ ibẹ̀ lágbára gan-an, ọ̀nà tó lọ síbẹ̀ sì jìn, wọ́n ní láti tún ju 200 kìlómítà ọ̀nà ṣe. Ohun tí wọ́n gbé síbẹ̀ ni 365 tọ́báìnì V52 ti Vestas, 850 kW péré, ìyẹn 0.85 MW, ni ìkọ̀ọ̀kan, mítà 52 ni òbìrí ẹ̀, gbogbo ẹ̀ wá jẹ́ 310 MW. Ẹni tó ń wo iye MW ara ẹ̀rọ nìkan máa ní ó ti kéré jù, àmọ́ apá tó kúrú yẹn ṣeé gbé gba irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀, kíréènì tó máa gbé e gòkè ò ní láti tóbi jù, ẹ̀rọ náà sì lè fara da ẹ̀fúùfù ibẹ̀. Wọ́n rì í tán ní 2017, àmọ́ wáyà tó máa gbé iná kúrò níbẹ̀ ò ṣe tán títí di 2018, ẹ̀rọ dúró láìríbi gbéná lọ. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ ẹ̀rọ tí apá ẹ̀ gùn ju ohun tí kọ̀rọ̀ ọ̀nà lè gbà, ẹ béèrè lọ́wọ́ wọn bóyá wọ́n ní èyí tí apá ẹ̀ ṣeé gbé ní ìdajì méjì kí wọ́n wá so ó pọ̀ lórí ilẹ̀, GE ṣe irú ẹ̀ fún ẹ̀rọ ẹ̀ tó ń jẹ́ Cypress.

Ẹ máa gbọ́ nípa Ṣáínà náà, torí iye owó tiwọn sábà máa ń kéré gan-an sí ti Yúróòpù àti Amẹ́ríkà. Kì í ṣe kọ́ḿpìnnì kékeré, Goldwind wà lára àwọn tó ń ri tọ́báìnì jù láyé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ilé wọn ní Ṣáínà ni èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀ wà. Èrò mi ni kẹ́ ẹ bi wọ́n ní ìbéèrè kan náà tẹ́ ẹ bi àwọn tó kù, kẹ́ ẹ má fi orúkọ ìlú lé wọn lọ, kẹ́ ẹ má sì fi owó kékeré gbà wọ́n wọlé. Mélòó nínú ẹ̀rọ yìí ló ń yí lẹ́yìn odi Ṣáínà? Ibo ni ilé ìkópàátìsí yín tó sún mọ́ wa jù? Báǹkì wa gbà yín àbí kò gbà yín? Ọ̀rọ̀ òṣèlú náà lè wọ̀ ọ́, ní April 2024 Ìgbìmọ̀ Yúróòpù (European Commission) kéde pé àwọn fẹ́ wádìí bóyá owó ìrànwọ́ ìjọba Ṣáínà ló ń jẹ́ kí àwọn tó ń kó tọ́báìnì wá láti ibẹ̀ lè tà á lówó pọ́ọ́kú, ẹni tó bá ti wà láàárín iṣẹ́ nígbà tí irú ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ á mọ ohun tí ìdádúró ń fà.

Kẹ́ ẹ tó fọwọ́ sí nǹkan kan, ẹ bójú tó ọ̀rọ̀ dátà. Tọ́báìnì kọ̀ọ̀kan ń kọ ohun púpọ̀ sílẹ̀ lójoojúmọ́, bí bẹ́árìn ẹ̀ ṣe ń gbóná, bó ṣe ń gbọ̀n, ohun tó mú un dúró. Àwọn kọ́ḿpìnnì kan máa ń ti dátà yẹn pa mọ́ra, wọ́n á ní tiwọn ni, tẹ́ ẹ bá wá fẹ́ gba ẹlòmíì láti máa tún un ṣe lọ́dún kọkànlá, onítọ̀hún ò ní ríbi wọlé. Ẹ kọ ọ́ sínú àdéhùn pé ẹ̀yin lẹ ni dátà, pé tí àdéhùn àtúnṣe bá parí wọ́n máa kó ìwé iṣẹ́ ẹ̀rọ àti kọ́kọ́rọ́ sọ́fítíwíà fún yín.

Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ lọ síbi tí ẹ̀rọ tẹ́ ẹ fẹ́ rà ti ń ṣiṣẹ́, kí ẹ̀yin fúnra yín yan ibẹ̀, ẹ má jẹ́ kí kọ́ḿpìnnì yàn án fún yín. Ẹ bá ọ̀gá ibẹ̀ sọ̀rọ̀, àmọ́ ẹ má ṣe kúrò níbẹ̀ láìbá àwọn tó ń gun òpó náà sọ̀rọ̀. Ẹ ní kí wọ́n fi ìwé tí wọ́n ń kọ ìdádúró ẹ̀rọ sí hàn yín, ẹ wo páàtì tó ń yọ lẹ́nu lemọ́lemọ́ nínú ẹ̀. Kẹ́ ẹ bi wọ́n léèrè pé páàtì ńlá tí wọ́n béèrè kẹ́yìn, ọ̀sẹ̀ mélòó ló fi dé, ta ló sì san owó kíréènì tó gbé e gòkè.